Òkè Abàmì Inú Ìtàn Àròsọ: Níbo Ni Idán Rẹ̀ Ti Wá?

Àwọn méje ló wọ òkè náà. Ní ọjọ́ kẹta, ẹ̀wà tí wọ́n gbé kaná láàárọ̀ hó títí di ọ̀sán, kò rọ̀. Ní ọjọ́ kẹrin, ọ̀kan nínú wọn bẹ̀rẹ̀ sí í bá ẹnì kan sọ̀rọ̀ tí àwọn yòókù kò rí, ó tiẹ̀ ń bu oúnjẹ fún un. Lálẹ́ ọjọ́ karùn-ún, òtútù mú débi pé irùngbọ̀n wọn dì gbagidi, síbẹ̀ ẹlòmíì bọ́ra sí ìhòòhò, ó ní ooru ń mú òun. Bí ilẹ̀ ọjọ́ kẹfà ṣe mọ́, òmìrán kan dìde lórí kùrukùru tó wà nísàlẹ̀ wọn, òṣùmàrè yí orí rẹ̀ ká bí adé. Bí wọ́n bá gbé ọwọ́ sókè, òun náà á gbé tirẹ̀ sókè. Ibi tí wọ́n ti ń mí hẹlẹhẹlẹ lọ́wọ́ ni ìyá arúgbó kan ti ru ẹrù kọjá lẹ́gbẹ̀ẹ́ wọn, tó ń kọrin lọ ní tirẹ̀.

Èmi ni mo hun ìtàn kékeré yìí, ṣùgbọ́n ẹni tó bá fẹ́ràn ìtàn òkè abàmì, yálà nínú ìwé, nínú fíìmù tàbí nínú géèmù orí fóònù, á ti bá irú rẹ̀ pàdé. Á sì ti bá àríyànjiyàn tó máa ń tẹ̀ lé e pàdé. Àwọn kan á ní irọ́ pátápátá ni, kò sí òkè tó ń ṣe bẹ́ẹ̀. Àwọn kan á ní níwọ̀n ìgbà tó ti jẹ́ idán, kí òǹkọ̀wé kọ ohun tó bá ti wù ú. Mi ò gba ti ìhà méjèèjì. Nínú ohun márùn-ún tó ṣẹlẹ̀ sí àwọn méje yẹn, kò sí ìkankan tí òkè gidi kò tíì fi ojú èèyàn gidi rí. Ẹni tó bá mọ bó ṣe ń ṣẹlẹ̀ á gbádùn ìtàn náà ju ti tẹ́lẹ̀ lọ.

Kí ni àwọn ọ̀rọ̀ tí a fẹ́ lò túmọ̀ sí?

Ayé àfinúrò ni ayé tí òǹkọ̀wé dá láti inú ọkàn ara rẹ̀: ó ní ilẹ̀ tirẹ̀, ọba tirẹ̀, nígbà míì òṣùpá méjì lójú ọ̀run tirẹ̀. Ọ̀wọ́ òkè ni òkè púpọ̀ tó so kọ́ra, tó tò lọ gbọọrọ bí eegun ẹ̀yìn ẹranko. Yìnyín tí mo máa dárúkọ kì í ṣe èyí tó ń bá òjò já bọ́ bí òkúta wẹ́wẹ́. Èyí tó fúyẹ́ bí òwú ni, tó ń balẹ̀ jẹ́ẹ́jẹ́ẹ́, tó ń gorí ara rẹ̀ títí á fi bo ilé mọ́lẹ̀.

Idán ló ṣòro jù láti túmọ̀. Nínú àlàyé yìí, ohun tó ṣẹlẹ̀ tí ẹni tó ń wò ó kò rí ìdí rẹ̀ ni mo ń pè ní idán. Ìdí lè wà níbẹ̀, kó jẹ́ pé ojú onítọ̀hún ni kò tó o.

Ta ló to òkè wọ̀nyẹn bí ògiri?

Nínú àwòrán ilẹ̀ ayé àfinúrò, òkè abàmì sábà máa ń là láti ìpẹ̀kun kan dé ìkejì bí ògiri tí òrìṣà mọ láti fi pààlà. Òkè gidi náà ń là bẹ́ẹ̀. Èèpo ilẹ̀ ayé kò dàpọ̀ ṣọ̀kan, ó pín sí abala ńláńlá tó ń rìn ní ìwọ̀n tí èékánná fi ń hù. Bí abala méjì bá forí gbárí, ohun tó máa ń ṣẹlẹ̀ sí kápẹ́ẹ̀tì tí a tì mọ́ ògiri ló máa ṣẹlẹ̀: á ká jọ, á wú sókè. Ilẹ̀ tó gbé Íńdíà dání ti ń ti ilẹ̀ Éṣíà báyìí láti nǹkan bí 50 mílíọ̀nù ọdún sẹ́yìn. Ibi tó ká jọ yẹn là ń pè ní Himalaya, títì náà kò sì tíì dáwọ́ dúró.

Òkúta tó wà ní ṣóńṣó Everest, òkè tó ga jù láyé, ìsàlẹ̀ òkun ló ti di òkúta. Àwọn ẹ̀dá òkun tó kú láyé ìgbà náà ṣì wà nínú rẹ̀, tí wọ́n ti gan di òkúta. Ẹ fojú inú wò ó: èèyàn gun òkè títí, ó dé ibi tí ẹyẹ pàápàá fẹ́rẹ̀ẹ́ má dé mọ́, ó wá bá àmì ẹ̀dá inú òkun níbẹ̀. Bí òǹkọ̀wé bá kọ ọ́ pé òkun ti gun òkè yẹn rí, òótọ́ ibẹ̀ ló kọ.

Kí ló dé tí ẹ̀wà kò rọ̀, tí èémí sì ń tán?

Afẹ́fẹ́ wúwo. Ọ̀pọ̀ èèyàn kì í gbà bẹ́ẹ̀ nígbà àkọ́kọ́ tí wọ́n bá gbọ́ ọ. Ẹ ro òkìtì aṣọ tí wọ́n ká lé ara wọn títí dé òrùlé. Èyí tó wà nísàlẹ̀ pátápátá á fún pọ̀ pinpin, torí gbogbo ti òkè ló ń tẹ̀ ẹ́. Èyí tó wà lókè téńté á rọra fẹ̀ ní tirẹ̀. Bí afẹ́fẹ́ náà ṣe rí nìyẹn: ẹni tó wà nísàlẹ̀ ń mí èyí tó fún pọ̀, ẹni tó gòkè ń mí èyí tó fọ́n ká.

Nínú ìdá 100 afẹ́fẹ́, nǹkan bí ìdá 21 ni ọ́síjìn tí ara ń lò, ìdá yẹn kì í sì í yí padà láti etí òkun dé ṣóńṣó òkè. Ohun tó ń yí padà ni iye tó ń wọ ẹ̀dọ̀fóró ní èémí kan. Ní 5,500 mítà, nǹkan bí ìdajì ló kù. Ní ṣóńṣó Everest, tó ga ní 8,849 mítà, ó ku nǹkan bí ìdá kan nínú mẹ́ta. Ibi tó bá ti kọjá 8,000 mítà ni àwọn tó ń gun òkè ń pè ní àgbègbè ikú, òkè 14 péré ló sì ga tó bẹ́ẹ̀ ní gbogbo ayé. Kò sí bí èèyàn ṣe lè pẹ́ tó níbẹ̀ tí ara rẹ̀ á fi mọ́ ọn. Ńṣe ni ara ń kú lọ díẹ̀díẹ̀ bíi fìtílà tí epo ń gbẹ nínú rẹ̀, ì báà jẹ́ ojú oorun lẹni náà wà.

Ọ̀rọ̀ ẹ̀wà náà kò jìnnà sí èyí. Afẹ́fẹ́ tó tẹ omi mọ́lẹ̀ ló ń dá a dúró kó má tètè hó. Níbi tí afẹ́fẹ́ kò bá ti wúwo, omi á hó kó tó gbóná dé ibi tó yẹ. Ní etí òkun, omi ń hó ní ìwọ̀n 100 lórí Celsius, àmọ́ ní ṣóńṣó Everest, kò ju nǹkan bí 70 lọ. Ẹni tó bá wo ìkòkò náà á rí i tó ń ru gùdù, á ní iná náà dára. Bí wọ́n bá fẹ́, kí wọ́n kó gbogbo igi inú igbó sí i lábẹ́, omi yẹn ò ní gbóná ju bẹ́ẹ̀ lọ, gbígbẹ ló máa gbẹ. Bí mo bá ka irú èyí nínú ìtàn, inú mi máa ń dùn gan-an, torí mo mọ̀ pé ẹni tó kọ ọ́ ti ro òkè rẹ̀ dénú.

Ó pẹ́ kí aráyé tó mọ ìdí rẹ̀. José de Acosta, àlùfáà ará Spéènì kan, gun òkè Pariacaca ní Peru. Èébì gbé e débi tó fi rò pé òun máa kú síbẹ̀. Nínú ìwé tó tẹ̀ jáde lọ́dún 1590, ó kọ ọ́ pé afẹ́fẹ́ ibẹ̀ ti fẹ́lẹ́ jù fún èèyàn láti mí. Kò ṣìnà rárá, ṣùgbọ́n ọdún 1878 ni Paul Bert, onímọ̀ sáyẹ́ǹsì ará Faransé, tó fi ẹ̀rí tì í pé àìtó ọ́síjìn ló ń fa àìsàn náà. Yàrá kan ló lò tí wọ́n lè fa afẹ́fẹ́ inú rẹ̀ jáde, òun fúnra rẹ̀ sì jókòó sínú rẹ̀. Láàárín ọdún méjèèjì yẹn, kí ni kí ará ìsàlẹ̀ òkè sọ nígbà tí ọmọkùnrin alágbára gòkè láìfarapa, tí orí wá ń fọ́ ọ, tó ń bì, tí kò lè sùn? Á ní òkè náà kò fẹ́ ẹ ni. Mi ò rí ohun tí ǹ bá fi bá wọn wí.

Àìsàn yìí lè bẹ̀rẹ̀ láti nǹkan bí 2,500 mítà sókè, pàápàá fún ẹni tó bá kánjú gòkè. Ibẹ̀ ni àṣìṣe tó máa ń dùn mí jù nínú ìtàn òkè abàmì wà: akọni á sáré láti ẹsẹ̀ òkè dé ṣóńṣó lọ́jọ́ kan, á yọ idà, á bá ẹranko jà, kò ní mí kíkankíkan rárá. Òkè wá di àtẹ̀gùn lásán.

Ta ni akọni yẹn ń bá sọ̀rọ̀?

Bí ọ́síjìn kò bá tó, ọpọlọ ló kọ́kọ́ ń mọ̀ ọ́n lára. Ó lè wú nínú agbárí, kí ẹni náà máa ta gọ̀ọ́gọ̀ọ́ bí ọ̀mùtí, kó máa sọ ìsọkúsọ. Òun fúnra rẹ̀ kì í mọ̀. Bí wọ́n bá ní kó padà, á bínú, á ní ara òun le. Oògùn tó dájú jù ni pé kí wọ́n gbé e sọ̀ kalẹ̀ kíákíá.

Lọ́dún 1933, Frank Smythe, ará Gẹ̀ẹ́sì kan tó ń gun Everest, dá nìkan wà lókè tó ti kọjá 8,000 mítà. Ọkàn rẹ̀ sọ fún un pé ẹnì kan ń bá òun rìn. Ó fi ọwọ́ bọ àpò, ó yọ midinmíìdìn, ó dá a sí méjì, ó yíjú láti fi ìdajì lé ẹnì kejì rẹ̀ lọ́wọ́. Kò sí ẹnì kankan níbẹ̀. Lọ́jọ́ kan náà, ó rí ohun dúdú méjì tó léfòó lójú ọ̀run. Ọ̀kan ní nǹkan tó jọ ìyẹ́, èkejì ní nǹkan tó jọ àgógó ẹyẹ. Òun fúnra rẹ̀ ló kọ ọ́ sílẹ̀ lẹ́yìn tó dé. Mo máa ń ronú lórí midinmíìdìn yẹn. Èèyàn tí ebi ń pa, tí òtútù ń gan, tó ṣì rántí pín oúnjẹ fún ẹni tí kò sí.

Òkè kò tiẹ̀ ní láti ga tó bẹ́ẹ̀. Lọ́dún 1916, Ernest Shackleton, arìnrìn-àjò ilẹ̀ yìnyín, àti àwọn méjì míì fi nǹkan bí wákàtí 36 rìn la òkè South Georgia, erékùṣù kan ní ìhà gúúsù ayé, já láti wá ìrànwọ́. Mẹ́ta ni wọ́n, ṣùgbọ́n ó kọ ọ́ lẹ́yìn náà pé léraléra ló ń ṣe òun bíi pé àwọn jẹ́ mẹ́rin. Àárẹ̀, òtútù àti ìdánìkanwà ibi funfun gbuu ti tó láti dá ẹnì kẹrin.

Ẹni tó bọ́ra sí ìhòòhò ńkọ́? Bí òtútù bá ń mú èèyàn, ara á dí ọ̀nà tí ẹ̀jẹ̀ ń gbà dé awọ, kí ooru lè kù fún ọkàn àti ọpọlọ. Àlàyé tí àwọn dókítà máa ń ṣe ni pé nígbà tó bá kù díẹ̀ kí ẹ̀mí bọ́, iṣan tó ń dí ọ̀nà yẹn á rẹ̀, á tú, ẹ̀jẹ̀ gbígbóná á ya dé awọ lójijì, ẹni náà á wá rò pé òun ń jóná. Wọ́n ti bá òkú tí òtútù pa lórí òkè, tí aṣọ rẹ̀ wà nílẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀. Ẹni tó bá ka èyí nínú ìtàn lè pè é ní èpè.

Òmìrán wo ló dìde lórí kùrukùru?

Òjìji wọn ni. Bí oòrùn bá wà lẹ́yìn èèyàn nísàlẹ̀ ojú ọ̀run, tí kùrukùru sì wà níwájú rẹ̀ ní ìsàlẹ̀, òjìji rẹ̀ á bọ́ sórí kùrukùru náà. Kùrukùru kò tẹ́jú bí ògiri, ó jìn wọnú, ìdí nìyẹn tí òjìji náà fi ń dà bí ohun tó tóbi gan-an, tó sì ń mì. Ẹ̀kán omi kéékèèké inú kùrukùru ló ń dá ìmọ́lẹ̀ padà ní àwọ̀ oríṣiríṣi yí orí òjìji náà ká. Ohun tó wọ̀ mí lọ́kàn jù níbẹ̀ ni pé orí ti ara rẹ nìkan lo máa rí adé sí, bí ẹ tilẹ̀ tó mẹ́wàá lójú kan. Olúkúlùkù á máa rò pé òun nìkan ni wọ́n dé ládé.

Òkè Brocken ní Jámánì ni wọ́n fi sọ òjìji yìí lórúkọ. Kò ga ju 1,141 mítà lọ, àmọ́ kùrukùru kì í tán níbẹ̀. Johann Silberschlag, àlùfáà àti onímọ̀ ará Jámánì, ló ṣàpèjúwe rẹ̀ lọ́dún 1780.

Ṣé ariwo lè mú yìnyín ya lulẹ̀?

Rárá. Inú ìtàn nìkan ni igbe ti ń ṣe bẹ́ẹ̀. Ohùn èèyàn kò ní agbára tó láti mi yìnyín tó ti dì pọ̀. Ohun tó ń mú un ya ni ẹrù: yìnyín tuntun tó bọ́ lé ti tẹ́lẹ̀, èyí tí atẹ́gùn gbá jọ, tàbí ẹsẹ̀ èèyàn tó tẹ ibi tí ìsàlẹ̀ rẹ̀ kò lágbára. Ibi tó dagun láàárín ìwọ̀n igun (degree) 30 sí 45 ló burú jù, torí ibi tó bá dagun jù bẹ́ẹ̀ lọ kì í gba yìnyín púpọ̀ dúró. Lọ́pọ̀ ìgbà, ẹni tó bò mọ́lẹ̀ tàbí ẹnì kejì rẹ̀ ló fi ẹsẹ̀ ara wọn tú u. Ẹni tí wọ́n bá hú jáde láàárín ìṣẹ́jú 15 ní ìrètí dáadáa, lẹ́yìn ìyẹn ó ń dín kù kíákíá.

Ṣé òkè lè mí èémí ikú?

Èyí ló ń bà mí lẹ́rù jù nínú gbogbo rẹ̀. Nínú ìtàn, a máa ń gbọ́ nípa àfonífojì tí ẹni tó bá sùn síbẹ̀ kì í jí. Ní alẹ́ ọjọ́ 21 oṣù kẹjọ ọdún 1986, adágún Nyos, tó wà lórí òkè ayọnáyèéfín kan ní Kamẹrúùnù, tú afẹ́fẹ́ carbon dioxide jáde. Afẹ́fẹ́ yìí ti ń rọra wọ inú omi náà láti abẹ́ ilẹ̀, ó sì há sí ìsàlẹ̀ adágún bí ó ṣe máa ń há sínú ìgò ẹlẹ́rìndòdò tí a kò tíì ṣí. Nígbà tí ohun kan da omi ìsàlẹ̀ rú, ó hó jáde lẹ́ẹ̀kan náà. Kò ní àwọ̀, ó sì wúwo ju afẹ́fẹ́ lásán lọ, nítorí náà ó ṣàn wọ àfonífojì bí omi ṣe ń ṣàn, ó lé afẹ́fẹ́ tí èèyàn ń mí kúrò. Ó ju 1,700 èèyàn lọ tó kú, tàwọn ti ẹran ọ̀sìn wọn. Ọ̀pọ̀ kò jí lójú oorun. Ilé kò wó, igi ò jó.

Láti ọdún 2001 ni wọ́n ti ri páìpù gígùn bọ ìsàlẹ̀ adágún náà láti máa tú afẹ́fẹ́ yẹn jáde díẹ̀díẹ̀. Mo fẹ́ kí ẹni tó bá ń kọ ìtàn adágún apànìyàn rántí pé àwọn kan sin ẹbí wọn níbẹ̀, kó má fi ọwọ́ yẹpẹrẹ mú un.

Òkè ayọnáyèéfín ní àrà míì tí kì í pani bẹ́ẹ̀. Ní òkè Ijen ní Indonéṣíà, afẹ́fẹ́ imí ọjọ́ tó ń yọ láti inú ilẹ̀ máa ń gbiná, ọwọ́ iná rẹ̀ sì jẹ́ búlúù lóru. Ní Tànsáníà, òkè Ol Doinyo Lengai, tó túmọ̀ sí Òkè Ọlọ́run lédè àwọn Maasai, ń pọ òkúta yíyọ́ tó dúdú bí ọ̀dà, tó máa wá funfun lẹ́yìn tó bá tutù. Bí òǹkọ̀wé kan bá dá a sílẹ̀ fúnra rẹ̀, a óò ní ó ti àsọdùn bọ̀ ọ́.

Kí ló dé tí àwọn òkè kan fi jẹ́ èèwọ̀?

Òkè Pilatus ní Switzerland ni kí ẹ wò. Àwọn èèyàn Lucerne, ìlú tó wà nítòsí rẹ̀, gbà gbọ́ pé ẹ̀mí Pọ́ńtíù Pílátù wà nínú adágún kékeré kan níbẹ̀, pé bí ẹnikẹ́ni bá dà á láàmú, á fi ìjì ba ìlú jẹ́. Wọ́n fòfin de gígun rẹ̀, wọ́n sì ti àlùfáà mẹ́fà mọ́lé lọ́dún 1387 nítorí pé wọ́n fẹ́ gòkè lọ. Nígbà tí Conrad Gessner, onímọ̀ ará Switzerland, fẹ́ gun un lọ́dún 1555, ó ní láti gba àyè lọ́wọ́ ìjọba ìlú. Wọ́n tún ní dírágónì ń gbé ibẹ̀. Dírágónì yìí kò sì mọ sẹ́nu ará oko nìkan: Johann Jakob Scheuchzer, dókítà àti onímọ̀ ará Zürich, ya àwòrán oríṣiríṣi dírágónì orí òkè Alps sínú ìwé tó tẹ̀ jáde lọ́dún 1723, ó kọ ẹ̀rí àwọn tó ní àwọn rí i sílẹ̀.

Èèwọ̀ náà kò tíì kásẹ̀ nílẹ̀. Gangkhar Puensum ní Bhutan ga ní 7,570 mítà, kò sì sí ẹni tó tíì dé ṣóńṣó rẹ̀. Lọ́dún 1994, Bhutan fòfin de gígun òkè tó bá ga ju 6,000 mítà lọ nítorí ìgbàgbọ́ àwọn èèyàn ibẹ̀. Lọ́dún 2003, wọ́n ti ilẹ̀kùn náà pátápátá.

Ìyá arúgbó yẹn ńkọ́?

Nínú ọ̀pọ̀ ìtàn, àjẹ́ ni wọ́n máa pè é, tàbí iwin tó gbé àwọ̀ èèyàn wọ̀. Bí ó bá rí bíi tàwọn ará Tibet, tí àwọn baba ńlá wọn ti gbé orí òkè láti ìrandíran, ara rẹ̀ ló yàtọ̀. Bí ará ìsàlẹ̀ bá gòkè, ara rẹ̀ á máa pọ ẹ̀jẹ̀ pupa sí i láti wá ọ́síjìn, títí ẹ̀jẹ̀ náà á fi ki jù, tá á wá di ìnira fún ọkàn. Àwọn onímọ̀ rí i lọ́dún 2010 pé àbùdá kan tí wọ́n ń pè ní EPAS1 yàtọ̀ lára àwọn ará Tibet, ó sì wà lára ohun tí kì í jẹ́ kí ẹ̀jẹ̀ wọn ki bẹ́ẹ̀. Àwọn tó ń gbé orí òkè Andes ní Gúúsù Amẹ́ríkà gba ọ̀nà míì: tiwọn ní èròjà tó ń gbé ọ́síjìn lọ́pọ̀ nínú ẹ̀jẹ̀. Òkè méjì, ọ̀nà méjì.

Ìyẹn ni pé nígbà tí àwọn méje náà jókòó sórí òkúta, tí ìyá náà ń kọjá lọ pẹ̀lú ẹrù lórí àti orin lẹ́nu, ojú tí wọ́n fi ń wò ó ló fi ń wo àwọn náà. Àwọn ń ṣe kàyéfì pé báwo ló ṣe ń rìn. Òun náà ń ṣe kàyéfì pé kí ló ṣe wọ́n.